Ìyá Tó Ń Sàba Nísàlẹ̀ Òkun: Ọ̀rọ̀ Nípa Ọ́kítópọ́ọ̀sì Inú Òkùnkùn

Ẹ̀yin àgbà tẹ́ ẹ wà níjòókòó, mo kí yín o. Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ̀yin òbí tẹ́ ẹ mú àwọn ọmọ dání wá, ẹ kú ìkàlẹ̀, ẹ kú àpéjọ, ohun rere ni Ọlọ́run á máa fi pè wá jọ. Ẹ ṣé gan-an tẹ́ ẹ fún mi láyè kí n sọ̀rọ̀ lórí nǹkan tí mo fẹ́ràn dénú.

Ọ̀rọ̀ ọ́kítópọ́ọ̀sì ni mo bá wá. Ẹran omi ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́jọ yẹn, tí ò ní eegun kankan lára. Èyí tí ọ̀pọ̀ nínú yín ti rí lórí tẹlifíṣàn tàbí lórí fóònù, tó ń yí àwọ̀ padà, tó ń ṣí ìdérí ìgò, etí omi nìyẹn ń gbé. Èmi ò ní í pẹ́ lórí ìyẹn. Àwọn ìbátan ẹ̀ tó wà nísàlẹ̀ pátápátá, níbi tí ojú èèyàn ò dé bọ̀rọ̀, àwọn ni mo fẹ́ sọ. Ohun kan ṣoṣo ni mo sì fẹ́ kó yé wa: níbi tí wọ́n ń gbé yẹn, òtútù ló ń pàṣẹ. Òtútù ló ń sọ bí ìdàgbà ṣe máa yá tó, òtútù ló ń sọ iye ọdún tí ìyá máa lò lórí ẹyin. Tẹ́ ẹ bá ti di ìyẹn mú, ìyókù á yé yín.

Ó dáa. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ibi tí wọ́n ń gbé.

Ṣé ẹ mọ̀ pé ìmọ́lẹ̀ oòrùn ò kọjá mítà 1,000 nínú òkun? Láti mítà 200 ló ti ń kú lọ díẹ̀díẹ̀, tó bá fi máa di 1,000 ó ti parí, òkùnkùn biribiri, ọ̀sán ò yàtọ̀ sí òru. Bẹ́ẹ̀, tí wọ́n bá pín jíjìn òkun gbogbo ayé dọ́gba, ó jìn tó nǹkan bíi mítà 3,700. Ẹ rò ó wò ná. Èyí tó pọ̀ jù lára ayé yìí, abẹ́ òkùnkùn yẹn ló wà, àwa tá a wà lókè níbi tí oòrùn ti ń ràn la kéré níye.

Ìwúwo omi ńkọ́? Gbogbo mítà 10 téèyàn bá sọ̀ kalẹ̀, omi á tún gbé ẹrù tó wúwo tó gbogbo afẹ́fẹ́ ojú ọ̀run lé e lórí. Tó bá fi máa dé mítà 3,200, ẹrù yẹn ti di ìlọ́po 320. Báwo wá ni ẹran tó rọ̀ tó bẹ́ẹ̀ ṣe ń gbé níbẹ̀ tí ò fi rún? Ìdáhùn ẹ̀ ò le. Ibi tí afẹ́fẹ́ bá wà nínú ara ni omi máa ń fún pọ̀. Ọ́kítópọ́ọ̀sì ò ní ẹ̀dọ̀fóró, kò ní àpò afẹ́fẹ́ kankan, omi ló kún inú ẹ̀, omi sì nìyí, kì í fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣeé fún pọ̀. Ìwúwo tó wà níta ni ìwúwo tó wà nínú.

Lẹ́yìn náà ni òtútù. Dígírì 3, dígírì 2, níbòmíì kò tiẹ̀ tó 2. Lẹ́yìn òtútù, ebi. Ewéko ò lè hù níbi tí oòrùn ò dé, nítorí náà ohun tó bá já bọ́ látòkè ni èyí tó pọ̀ jù nínú wọn ń gbọ́kàn lé, òkú ẹja, ìdọ̀tí, ìgbẹ́ àwọn tó ń gbé lókè, tàbí kí wọ́n jẹ ẹran kékeré tó jẹ nǹkan wọ̀nyẹn. Àwọn baba wa ní ibi tí ayé bá bá ni là á ti jẹ ẹ́. Ibi tí ayé bá ọ́kítópọ́ọ̀sì wọ̀nyí nìyẹn, ibẹ̀ náà ni wọ́n sì ti ń jẹ ẹ́.

Mo ti sọ ibẹ̀, ó kan ara wọn wàyí.

Ọ́kítópọ́ọ̀sì, ti etí omi o, ti ìsàlẹ̀ o, ọkàn mẹ́ta ló ní. Méjì ń ti ẹ̀jẹ̀ lọ síbi tó fi ń mí, ẹyọ kan ń tì í lọ sí ara yòókù. Ẹ̀jẹ̀ ẹ̀ kì í ṣe pupa, búlúù ni, torí bàbà ló wà nínú ẹ̀jẹ̀ tiẹ̀ níbi tí irin wà nínú tiwa. Èyí tó máa ń yà mí lẹ́nu jù ni ti ọpọlọ. Nínú èyí tí wọ́n yẹ̀ wò dáadáa jù, èyí tó ń gbé etí omi, sẹ́ẹ̀lì tó ń ṣiṣẹ́ ọpọlọ tó nǹkan bíi 500 mílíọ̀nù, ẹ sì wá gbọ́, èyí tó ju ìdajì lọ dáadáa, tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdá méjì nínú mẹ́ta, inú àwọn apá ló wà, kì í ṣe orí! Apá kọ̀ọ̀kan lè máa fọwọ́ tọ́ nǹkan wò, kó máa wá oúnjẹ kiri, láìjẹ́ pé orí ń darí gbogbo ẹ̀.

Kí ló wá yàtọ̀ sí ti ìsàlẹ̀? Ẹ gbọ́ ẹyọ kan. Ẹ mọ̀ pé tí wọ́n bá lé ti etí omi, á tu tàdáwà dúdú jáde, ọ̀tá ò ní í ríran, òun á sì sá lọ. Ẹ wá bi mí, kí ni tàdáwà fẹ́ ṣe nínú òkùnkùn? Ta ló fẹ́ bò lójú níbi tí kò sẹ́ni tó ń ríran tẹ́lẹ̀? Ọ̀pọ̀ nínú àwọn ti ìsàlẹ̀ ò ní àpò tàdáwà mọ́ rárá, ara wọn ti gbé e sọ nù. Níbi tí oúnjẹ ti wọ́n, ara kì í máa bọ́ ohun tí kò wúlò.

Ibo ni wọ́n tiẹ̀ ti wá? Ní 2008, Jan Strugnell àtàwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ tẹ ìwádìí kan jáde tí wọ́n fi DNA ṣe, ohun tí wọ́n rí ni pé ọ̀pọ̀ ọ́kítópọ́ọ̀sì ìsàlẹ̀ òkun, àwọn baba ńlá wọn ti inú òkun tó yí Antarctica ká wá. Ó ti lé ní ọgbọ̀n mílíọ̀nù ọdún, nígbà tí Antarctica ń tutù tí yìnyín ń bò ó, omi ibẹ̀ tutù, iyọ̀ pọ̀ nínú ẹ̀, ó wúwo, ló bá ń rì lọ sísàlẹ̀, ó ń ṣàn lọ sábẹ́ òkun káàkiri ayé, àwọn ọ́kítópọ́ọ̀sì bá omi yẹn lọ. Òtútù ló ṣí ọ̀nà fún wọn, mo ti sọ ọ́ níbẹ̀rẹ̀.

Mo fẹ́ mẹ́nu ba ẹ̀yà méjì kí n tó dé ibi tí ọ̀rọ̀ wà. Àkọ́kọ́ ni èyí tí wọ́n ń pè ní Dumbo. Lẹbẹ méjì ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ orí ẹ̀, ó máa ń jù wọ́n fẹ́rẹ́fẹ́rẹ́ láti fi wẹ̀, awọ tẹ́ẹ́rẹ́ sì so àwọn apá ẹ̀ pọ̀. Oúnjẹ kékeré ló ń jẹ, odindi ló sì máa ń gbé e mì. Òun ni kò sí ọ́kítópọ́ọ̀sì mìíràn tá a tíì rí tó wọlẹ̀ tó o: ní 2020 Alan Jamieson àti Michael Vecchione tẹ ìròyìn jáde pé kámẹ́rà àwọn rí i nínú kòtò Java, nínú òkun Íńdíà, ní mítà 6,957. Ó ku díẹ̀ kó pé kìlómítà méje! Ẹ̀yà kejì ni Stauroteuthis. Àwọn ẹnu kéékèèké abẹ́ apá tí àwọn yòókù fi ń lẹ̀ mọ́ nǹkan, nínú tiẹ̀, iná ló ń tàn níbẹ̀, iná búlúù. Ọdún 1999 ni wọ́n kéde ẹ̀. Àwọn tó ṣèwádìí náà rò pé iná yẹn ló fi ń tan àwọn ẹran wẹ́wẹ́ wá sẹ́nu.

Ẹ fara balẹ̀ wàyí, torí ibi tí mo ń bọ̀ nìyí, ọ̀rọ̀ ìyá.

Ní oṣù kẹrin ọdún 2007, àwọn onísáyẹ́ǹsì MBARI, iléeṣẹ́ ìwádìí òkun kan ní Monterey ní California, rán róbọ́ọ̀tì wọn sọ̀ kalẹ̀ sínú àfonífojì ńlá tó wà lábẹ́ òkun níbẹ̀, ó jìn tó nǹkan bíi mítà 1,400. Bruce Robison ló ṣáájú iṣẹ́ náà. Wọ́n rí abo ọ́kítópọ́ọ̀sì kan, òun nìkan, tó ń wọ́ lọ síbi àpáta kan. Orúkọ ẹ̀yà ẹ̀ ni Graneledone boreopacifica. Ọjọ́ 38 lẹ́yìn náà wọ́n padà débẹ̀, ó ti wà lára àpáta yẹn, ó ti yé ẹyin, ó sì ti fara bò wọ́n. Báwo ni wọ́n ṣe mọ̀ pé òun náà ni? Àpá ọgbẹ́ tó wà lára ẹ̀ ni wọ́n fi dá a mọ̀.

Wọ́n lọ, wọ́n padà wá, ó wà níbẹ̀. Ọdún 2008, ó wà níbẹ̀. Ọdún 2009, ó wà níbẹ̀. Ọdún 2010, ojú kan náà ló wà, lórí ẹyin kan náà. Oṣù kẹsàn-án 2011, ó ṣì wà níbẹ̀! Ìgbà tí wọ́n dé ní oṣù kẹwàá ni wọn ò bá a mọ́, èèpo ẹyin tó ti ya nìkan ló kù lára àpáta, ó fi hàn pé àwọn ọmọ ti jáde lọ.

Oṣù 53 ni o. Ẹ bá mi ṣírò ẹ̀, ọdún mẹ́rin àti oṣù márùn-ún. Nínú gbogbo ẹranko tí aráyé tíì wò, kò sí èyí tí wọ́n rí tó tọ́jú ẹyin pẹ́ tó bẹ́ẹ̀. Adìyẹ ilé wa tá à ń yìn pé ó mọ ọmọ tọ́jú, ọjọ́ 21 ló fi ń sàba, láàárín ẹ̀ náà á dìde lọ jẹ, á lọ mumi, á sáré padà. Ìyá yìí ńkọ́? Wọn ò rí i kó jẹun lẹ́ẹ̀kan. Akàn ń kọjá níwájú ẹ̀, edé ń kọjá, ohun tó jẹ́ oúnjẹ ẹ̀ tẹ́lẹ̀, tí wọn ò bá ṣáà ti sún mọ́ ẹyin kò dá sí wọn. Àwọn onísáyẹ́ǹsì fi ọwọ́ róbọ́ọ̀tì gbé akàn fún un, kò gbà. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀, àwọ̀ àlùkò ló ní, ara ẹ̀ le dáadáa. Bí ọdún ṣe ń gorí ọdún, àwọ̀ yẹn ń ṣí, ó funfun, awọ ara ẹ̀ rọ̀ jọ̀jọ̀, ojú ẹ̀ di bàìbàì. Ó ń fi ara ẹ̀ bọ́ iṣẹ́ tó ń ṣe. Àwọn àgbà ní adìyẹ ń làágùn, ìyẹ́ ni ò jẹ́ ká mọ̀. Ti ìyá yìí, kò sí ìyẹ́ tó bò ó, kámẹ́rà rí gbogbo ẹ̀.

Kí ló ń ṣe lórí ẹyin gan-an? Kò kàn jókòó lásán. Ẹyin ń mí, ó nílò ọ́síjìn, nítorí náà ìyá gbọ́dọ̀ máa fẹ́ omi tuntun sí wọn lára, kó máa nù wọ́n kí eruku òkun má bò wọ́n, kó sì máa lé àwọn tó fẹ́ jẹ wọ́n, lójoojúmọ́, fún oṣù 53. Ẹyin ẹ̀ ò pọ̀, nǹkan bíi 160 ni wọ́n fojú bù ú sí. Ọ́kítópọ́ọ̀sì etí omi lè yé ju ọ̀kẹ́ márùn-ún ẹyin lọ, ìyẹn 100,000, kéékèèké ni, wọ́n á sì pa láàárín oṣù mélòó kan, àmọ́ ọmọ tó jáde kò ju bíńtín, omi á máa gbé e kiri, èyí tó pọ̀ jù á kú. Ti ìsàlẹ̀ òkun yàn ọ̀nà mìíràn: ẹyin díẹ̀, ẹyin ńlá, kí ọmọ pẹ́ nínú ẹ̀ kó lè gbó dáadáa, lọ́jọ́ tó bá jáde kó lè wá oúnjẹ fúnra ẹ̀.

Ọmọ kan bi mí léèrè nígbà kan, ó ní ṣé kò lè fi àwọn ẹyin sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú kan péré kó lọ jẹun ni. Ìbéèrè tó dáa nìyẹn. Ẹ̀yà ara kékeré kan wà nítòsí ojú ọ́kítópọ́ọ̀sì tó máa ń tú kẹ́míkà sínú ara. Ní 1977 ọ̀gbẹ́ni kan tó ń jẹ́ Jerome Wodinsky yọ ọ́ kúrò lára àwọn ìyá kan tó ń sàba, ti etí omi nìwọ̀nyẹn o. Ṣé ẹ mọ ohun tó ṣẹlẹ̀? Wọ́n pa ẹyin tì, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun, wọ́n sì pẹ́ láyé ju àwọn tí wọn ò yọ tiwọn lọ. Ìyẹn ni pé láti inú ara ìyá gan-an ni àṣẹ pé kó má jẹun ti ń wá. Ẹ̀ẹ̀kan péré ló ń bímọ láyé ẹ̀, tí àwọn ọmọ bá ti ń jáde, ayé tiẹ̀ ń parí lọ nìyẹn. Baba náà kì í pẹ́ lẹ́yìn tó bá ti gùn tán. A máa ń sọ pé ìyá ni wúrà, baba ni jígí. Àwọn ọmọ wọ̀nyí ò ní í rí wúrà, wọn ò ní í rí jígí, síbẹ̀ gbogbo ohun tí ìyá ní ló ti ná lé wọn lórí.

Ẹ wá padà sọ́rọ̀ òtútù. Kí ló dé tó fi gba oṣù 53? Òtútù ni. Ní dígírì 3, gbogbo iṣẹ́ inú ara ló ń falẹ̀, ọmọ inú ẹyin ń dàgbà díẹ̀díẹ̀. Òtútù kan náà yẹn ni wọ́n rò pé ó jẹ́ kí ìyá lè pẹ́ bẹ́ẹ̀ láìjẹun, torí ara tiẹ̀ náà ń falẹ̀, ìwọ̀nba ló ń ná. Ohun tó ń dá a dúró ló tún ń gbé e ró.

Tó bá wá jẹ́ bẹ́ẹ̀, ẹ jẹ́ n bi yín léèrè. Tí ìyá bá wà níbi tó tún jìn ju ìyẹn lọ, tó tún tutù jù, ọdún mélòó ló máa lò? Ìbéèrè yìí ló gbé wa dé ibi tí wọ́n ń pè ní ọgbà ọ́kítópọ́ọ̀sì.

Òkè ńlá kan wà lábẹ́ òkun, Davidson Seamount ni wọ́n ń pè é, iwájú etíkun California náà ló wà, òkè ayọnáyèéfín tó ti kú ni. Ní 2018, ọkọ̀ ìwádìí kan tó ń jẹ́ Nautilus ń fi kámẹ́rà wo ìdí òkè yẹn, ní nǹkan bíi mítà 3,200, bí wọ́n ṣe rí ọ́kítópọ́ọ̀sì kan, wọ́n rí méjì, wọ́n rí mẹ́wàá, wọ́n rí ọgọ́rọ̀ọ̀rún, gbogbo wọn yí orí kodò, wọ́n ká apá bo ara, wọ́n tẹ́ lọ lára àpáta. Ẹ̀yà yìí ni Muusoctopus robustus, wọ́n tún ń pè é ní ọ́kítópọ́ọ̀sì péálì. Níbi tí wọ́n wò nìkan, wọ́n ka nǹkan bíi 6,000, wọ́n sì gbà pé gbogbo ẹ̀ lè tó 20,000. Kò sí ibòmíràn láyé tí wọ́n tíì rí ọ́kítópọ́ọ̀sì tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ lójú kan. Ẹran tá a mọ̀ sí adáwà!

Kí ni wọ́n wá ṣe níbẹ̀? Omi ibẹ̀ dígírì 1.6 ni. Àwọn onímọ̀ ṣírò ẹ̀, ní irú òtútù yẹn, ó yẹ kí ẹyin lo ọdún 5 sí 8, ó tiẹ̀ lè jù bẹ́ẹ̀ lọ. Jim Barry àtàwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ ní MBARI gbé kámẹ́rà sílẹ̀, wọ́n ń padà lọ wò wọ́n fún ọdún mẹ́ta, ní 2023 wọ́n tẹ èsì ẹ̀ jáde. Kò tó ọdún méjì tí ẹyin fi ń pa! Ibi tí àwọn ìyá yẹn jókòó sí, omi lílọ́wọ́ọ́rọ́ ń sun láti inú pàlàpálá àpáta, ó lè tó dígírì 10, ibẹ̀ gan-an ni wọ́n lọ fi ẹyin sí. Tẹ́ ẹ bá sún sẹ́gbẹ̀ẹ́ díẹ̀, òtútù ti dé. Nítorí náà kì í ṣe pé wọ́n kàn ṣèèṣì pọ̀ síbẹ̀, ooru yẹn ni wọ́n wá bá. Ẹyin tó bá tètè pa, ewu tó máa rí kéré, ìyá ẹ̀ sì lè débẹ̀ kó tó kú. Lójú tèmi, nínú gbogbo ohun tí wọ́n ti rí nípa ọ́kítópọ́ọ̀sì, èyí ló tóbi jù, torí ó fi hàn pé àwọn ìyá yìí rí ọgbọ́n ta sí òtútù.

Ibòmíràn tún wà, ní iwájú Costa Rica, Dorado Outcrop. Níbẹ̀, ìwádìí tí wọ́n tẹ̀ jáde ní 2018 sọ pé kò jọ pé ẹyin ibẹ̀ lè yè, wọn ò rí ọmọ kankan tó ń dàgbà nínú wọn. Ó wá di 2023, ọkọ̀ ìwádìí Falkor (too) tún lọ, Beth Orcutt àti Jorge Cortés ọmọ Costa Rica ló ṣáájú, àní wọ́n fojú ara wọn rí ọmọ tó ń jáde látinú ẹyin. Ọdún márùn-ún péré ló yí ohun tá a mọ̀ padà.

Ìdí tí mo fi fẹ́ fi èyí tó kàn yìí parí ọ̀rọ̀ nìyẹn.

Ní 2016, nítòsí Hawaii, ní mítà 4,290, kámẹ́rà ọkọ̀ Okeanos Explorer ká ọ́kítópọ́ọ̀sì funfun kan tó fẹ́rẹ̀ẹ́ máa dán gbinrin mọ́lẹ̀, ẹ̀yà tí ẹnikẹ́ni ò rí rí, àwọn èèyàn sọ ọ́ ní Casper. Kí ọdún yẹn tó parí, Autun Purser àtàwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ tẹ ìwádìí jáde pé irú ọ́kítópọ́ọ̀sì bẹ́ẹ̀, ní ìsàlẹ̀ òkun iwájú Peru, ara ọ̀pá spónjì òkun tó ti kú ló ń yé ẹyin sí, nǹkan bíi 30 péré. Ẹran omi ni spónjì, àmọ́ ojú kan ló máa ń dúró sí bí ewéko. Spónjì yẹn kò lè hù sórí ẹrẹ̀, òkúta ló ń dì mọ́, òkúta dúdú roboto roboto tó tẹ́ lọ nísàlẹ̀ òkun. Àwọn òkúta yẹn gan-an ni àwọn iléeṣẹ́ fẹ́ kó, torí màǹgánííṣì, níkẹ́ẹ̀lì, kóbáàtì àti bàbà wà nínú ẹ̀, wọ́n fẹ́ fi ṣe bátìrì. Ẹ bá mi wo bó ṣe so kọ́ra: kò sí òkúta, kò sí spónjì, kò sí spónjì, kò sí ibi tí ìyá máa yé ẹyin sí. Òkúta náà ńkọ́, báwo ló ṣe ń yára dàgbà tó? Mílíọ̀nù ọdún kan ló ń lò kó tó fi mìlímítà mélòó kan kún ara ẹ̀.

Ẹnì kan lè sọ pé kí wọ́n kó o, ìsàlẹ̀ òkun á tún ara ẹ̀ ṣe. Wọ́n ti dán an wò. Ní 1989, níwájú Peru náà, àwọn onímọ̀ Jámánì fi ẹ̀rọ ro ìsàlẹ̀ òkun kí wọ́n lè mọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀. Wọ́n padà lọ wò ó ní 2015, ọdún 26 lẹ́yìn náà. Ojú ọ̀nà ẹ̀rọ ṣì wà níbẹ̀ rekete. Níbi tí wọ́n ti ro yẹn, àwọn spónjì yẹn ò tíì padà.

Òkun kì í hó ruruuru ká wà á ruruuru. Davidson Seamount ti wà lábẹ́ ààbò òfin Amẹ́ríkà kẹ́nikẹ́ni tó mọ̀ pé ọgbà ọ́kítópọ́ọ̀sì wà níbẹ̀. Ibi tí òkúta wà yẹn ò sí lábẹ́ orílẹ̀-èdè kankan, àjọ kan tó wà ní Kingston ní Jàmáíkà, ISA, ló ń bójú tó o, wọ́n sì ti ń jiyàn lórí òfin ìwakùsà yẹn tipẹ́. Ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè ti ní ká ṣì dúró ná, kò tíì yẹ ká bẹ̀rẹ̀. Nàìjíríà wa ní ìjókòó nínú àjọ yẹn, ohùn wa ń dún níbẹ̀, nítorí náà ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ òfin, ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ bàólọ́jì tẹ́ ẹ wà níbí, mo ń bẹ̀ yín, ẹ lọ wo ohun tí àwọn aṣojú wa ń sọ níbẹ̀, kẹ́ ẹ sì bi wọ́n ní ìbéèrè.

Ẹ ṣé o. Mo rí i tí ọwọ́ ti ń nà sókè lẹ́yìn lọ́hùn-ún, ẹ jẹ́ ká gbọ́ yín.